Eegun Ìhà Di Igi Imú: Ìtàn Àtúnṣe Imú àti Ipa tí Ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà Kó

Ní ọdún 1956, dókítà àwọn ọmọdé kan láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, David Morley, gúnlẹ̀ sí ilé ìwòsàn Wesley Guild ní Iléṣà. Ìjọ Mẹ́tọ́díìsì ló dá ilé ìwòsàn náà sílẹ̀ kí Ogun Àgbáyé Kìíní tó bẹ́, orúkọ rẹ̀ sì ti kárí gbogbo ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà. Ohun tí Morley bá ní wọ́ọ̀dù àwọn ọmọdé kò ṣàjèjì sí ìyá kankan nígbà náà. Bí ẹ̀ẹ̀rùn bá ti dé, èèyi a dé. Ojú ọmọ a pọ́n, ara rẹ̀ a sú, ẹnu rẹ̀ a bó, oúnjẹ a sì di ọ̀tá rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọmọ ni èèyi gbé lọ. Èyí tí kò bá kú a rù kan eegun, ọ̀sẹ̀ púpọ̀ a sì kọjá kí ara rẹ̀ tó tún gbé oúnjẹ.

Lára àwọn tó rù bẹ́ẹ̀ ni àìsàn mìíràn ti ń rí àyè wọlé. Egbò kékeré kan a yọ ní ẹran ìdí eyín. Ẹnu ọmọ a máa rùn. Láàárín ọjọ́ mélòó kan, ẹ̀rẹ̀kẹ́ a wú, a dúdú, a sì jẹrà. Bí ó bá ràn dé òkè, ètè a lọ, imú náà a sì lọ. Àìsàn yìí ni àwọn oníṣègùn ń pè ní nómà. Àwọn ọmọ ọdún 2 sí 6 ló ń mú jù, pàápàá àwọn tí àìjẹunrekánú àti èèyi ti sọ di aláìlágbára. Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ pé bí a kò bá tètè fi oògùn apakòkòrò dá a dúró, ó lè pa ìdá 90 nínú 100 àwọn tó mú. Ìdá kékeré tó kù a wà láàyè, ṣùgbọ́n ojú tí wọ́n fi wà láàyè kì í ṣe ojú tí wọ́n gbé wá sáyé mọ́.

Yorùbá ní ojú lọ̀rọ̀ wà. Ẹni tí kò ní imú kò rí ojú tí yóò fi bá ẹgbẹ́ rẹ̀ sọ̀rọ̀. Wọ́n lè fi í pamọ́ sí yàrá ẹ̀yìn nígbà tí àlejò bá dé. Ó lè dàgbà láìlọ sí ilé ẹ̀kọ́, láìdúró ní ọjà, láìrí ẹni tí yóò fẹ́ ẹ. Nítorí náà ni ìtàn àtúnṣe imú kì í ṣe ìtàn ẹwà nìkan. Ìtàn bí ènìyàn ṣe ń padà sí àwùjọ ni, ìtàn èémí sì ni pẹ̀lú.

Imú kì í ṣe ẹran lásán. Ní òkè igi imú, níbi tí ìgò ojú ń jókòó sí, eegun líle ló wà níbẹ̀. Láti ìsàlẹ̀ ibẹ̀ títí dé ṣóńṣó imú, eegun rírọ̀ ni: irú èyí tó wà ní etí, tí a lè tẹ̀ tí yóò sì padà sí ààyè rẹ̀, irú èyí tí àwọn ọ̀jẹran ń rún lẹ́nu, tí àwọn ọ̀dọ́ ń pè ní bísíkíìtì-bóònù. Òun náà ló pọ̀ jù nínú ògiri tó pín inú imú sí méjì. Bí a bá fi imú wé ilé, eegun rírọ̀ ni òpó àti igi àjà, awọ ara sì ni òrùlé.

Ìgbà tí ilé náà bá wó ni a tó mọ iṣẹ́ tí òpó ń ṣe. Bí ènìyàn bá fa èémí sínú, afẹ́fẹ́ tó ń wọlé a máa fa ẹ̀gbẹ́ imú mọ́ra. Eegun rírọ̀ ló ń dì í mú kí ó má baà pa dé. Bí ó bá ti ṣẹ́, tí ó wọ́, tàbí tí àìsàn ti jẹ ẹ́, ihò imú a máa pa dé ní gbogbo ìgbà tí èémí bá fẹ́ wọlé. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ a máa fi ẹnu mí, ọ̀fun rẹ̀ a máa gbẹ mọ́jú, oorun rẹ̀ kì í sì í dùn. Ọ̀nà kan wà tí àwọn dókítà fi ń dá a mọ̀: wọ́n á ní kí aláìsàn fi ìka fa ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́. Bí mímí bá dẹrùn lójú ẹsẹ̀, a jẹ́ pé ojú ọ̀nà ló ti há jù, tàbí pé ògiri ẹ̀gbẹ́ imú ni kò lágbára mọ́.

Àtúnṣe imú pẹ́ ní ayé. Ilẹ̀ Íńdíà ló ti bẹ̀rẹ̀, nítorí pé níbẹ̀, gígé imú jẹ́ ìyà tí wọ́n fi ń jẹ ọ̀daràn àti ọ̀tá. Ìwé ìṣègùn àtijọ́ tí wọ́n fi orúkọ Sushruta pè ṣàlàyé bí a ṣe lè fi awọ ẹ̀rẹ̀kẹ́ ṣe imú tuntun. Lẹ́yìn náà ni àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ ilẹ̀ Íńdíà bẹ̀rẹ̀ sí í lo awọ iwájú orí. Ní ọdún 1794, ìwé ìròyìn kan ní Lọ́ńdọ̀nù, Gentleman's Magazine, gbé ìtàn Cowasjee jáde, awakọ̀ akọ màlúù kan tó ń bá àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì ṣiṣẹ́, tí àwọn ọmọ ogun Tipu Sultan mú tí wọ́n sì gé imú rẹ̀. Awọ iwájú orí rẹ̀ ni wọ́n yí wálẹ̀ tí wọ́n fi ṣe imú mìíràn fún un. Ìròyìn yìí ló ta oníṣẹ́ abẹ Joseph Carpue jí, tí ó fi dán irú iṣẹ́ náà wò ní Lọ́ńdọ̀nù ní ọdún 1814. Báyìí ni àwọn òyìnbó ṣe kọ́ iṣẹ́ yìí lọ́dọ̀ àwọn tí wọ́n ń jọba lé lórí.

Ṣùgbọ́n imú tí a fi awọ nìkan ṣe ní àléébù kan. Kò ní òpó. Bí ọjọ́ ṣe ń gorí ọjọ́, a máa sún kì, a máa rọ̀ wálẹ̀, ihò rẹ̀ a sì máa dí. Ẹni náà ti rí ohun bo ihò ojú rẹ̀, ṣùgbọ́n kò tíì rí ohun tí yóò fi mí.

Ogun Àgbáyé Kìíní ló fi ọ̀ranyàn wá ìdáhùn. Àwọn ọmọ ogun máa ń yọ orí sókè láti inú kòtò, ìbọn a sì bà wọ́n lójú. Ní ọdún 1917, wọ́n ṣí ilé ìwòsàn pàtàkì kan ní Sidcup, lẹ́bàá Lọ́ńdọ̀nù, fún irú wọn. Harold Gillies, ọmọ ilẹ̀ New Zealand, ni ògbóǹtarìgì oníṣẹ́ abẹ ibẹ̀. Lára àwọn tó tọ́jú ni ọ̀gá ọmọ ogun kan tó ń jẹ́ William Spreckley, tí imú rẹ̀ ti lọ pátápátá. Gillies gé eegun rírọ̀ níbi ìhà rẹ̀, ó rì í mọ́ abẹ́ awọ iwájú orí rẹ̀ fún oṣù mélòó kan kí ó lè fìdí múlẹ̀, lẹ́yìn náà ló yí awọ àti eegun náà wálẹ̀ pọ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀, imú náà wú débi pé àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi í ṣẹ̀fẹ̀. Nígbà tí wíwú náà fà, tí ó sì tún un gé, ó di imú tí ènìyàn lè gbé jáde láìbojú.

Ìdí tí ọgbọ́n yìí fi ṣeé ṣe ni pé eegun rírọ̀ kò ní ẹ̀jẹ̀ tirẹ̀. Omi tó ń ṣẹ́ jáde láti inú ẹran tó yí i ká ló fi ń jẹun. Nítorí náà, a lè ṣí i kúrò ní ìhà kí a sì gbé e sí imú, kí ó sì wà láàyè níbẹ̀. Ìdí yẹn kan náà ló fi jẹ́ pé bí kòkòrò àrùn bá wọ̀ ọ́, kíákíá ló ń kú, nítorí kò sí ẹ̀jẹ̀ tí yóò gbé ìrànlọ́wọ́ dé ọ̀dọ̀ rẹ̀.

Ìṣòro kan tún kù. Eegun rírọ̀ ìhà tí wọ́n gbẹ́ tọ́ lónìí lè wọ́ lọ́la, bí pákó tútù tí oòrùn pa. Ní ọdún 1958, Thomas Gibson àti W. B. Davis ṣàlàyé ohun tó fà á. Awọ òde eegun náà ń fà á, àárín rẹ̀ sì ń tì í. Bí oníṣẹ́ abẹ bá gé ẹ̀gbẹ́ kan ju èkejì lọ, ìfà yóò ṣẹ́gun ní apá kan, eegun yóò sì tẹ̀. Ìmọ̀ràn wọn ni pé kí wọ́n gbẹ́ ẹ dọ́gba lọ́tùn-ún lósì. Bẹ́ẹ̀ ni àwọn oníṣẹ́ abẹ ṣe ń ṣe títí di òní.

Nínú imú tí kò gé ṣùgbọ́n tí ó dí, ẹ̀kọ́ mìíràn wà. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún tó kọjá, Otto Freer ní Amẹ́ríkà àti Gustav Killian ní Jámánì gbé iṣẹ́ abẹ jáde fún ògiri àárín imú tó bá wọ́. Wọ́n ń yọ ibi tó wọ́ kúrò, ṣùgbọ́n wọ́n ń fi òpó kan sílẹ̀ ní òkè àti ní iwájú. Ẹni tí kò bá fi òpó náà sílẹ̀ yóò rí i pé igi imú aláìsàn wó lulẹ̀ lẹ́yìn ọdún díẹ̀. Orí bíbẹ́ kọ́ ni oògùn orí fífọ́. Ní ọdún 1984, Jack Sheen, oníṣẹ́ abẹ ní ìpínlẹ̀ California, kọ̀wé nípa ọgbọ́n kan tó rọrùn: ó ń fi eegun rírọ̀ pẹlẹbẹ méjì sí ẹ̀gbẹ́ ògiri àárín imú, ọ̀kan lọ́tùn-ún, ọ̀kan lósì, bí ẹni tó fi èèkù igi la ilẹ̀kùn tó há. Ọ̀nà èémí a fẹ̀, igi imú a sì tọ́. Láti ìgbà náà ni àtúnṣe mímí àti àtúnṣe ìrísí ti di iṣẹ́ kan ṣoṣo lọ́wọ́ ọ̀pọ̀ wọn.

Ẹ̀ka kejì ìtàn yìí ni ti ẹwà, ó sì gba àròjinlẹ̀. Ní ọdún 1898, Jacques Joseph, dókítà Júù kan ní Berlin, fi imú tó tún ṣe han àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Ẹni tó ni imú náà kò ṣàìsàn. Imú rẹ̀ kàn tóbi, ojú sì ń tì í láti jáde. Lára àwọn tó tọ Joseph lọ lẹ́yìn ìgbà náà ni àwọn Júù tí wọn kò fẹ́ kí a máa fi imú dá wọn mọ̀ ní ìlú tí wọ́n ti kórìíra wọn. Láti ibẹ̀ ni ìwé ẹ̀kọ́ iṣẹ́ abẹ ti gba imú òyìnbó gẹ́gẹ́ bí òṣùwọ̀n. Imú ènìyàn dúdú, tó fẹ̀ ní ìdí tí kò sì ga ní igi, wá di ohun tí wọ́n ń kọ sílẹ̀ bí ẹni pé àṣìṣe ni.

Ẹni tó bá fẹ́ rí ìdáhùn sí ìyẹn kò ní rìn jìnnà sí Iléṣà. Àwọn orí idẹ Ilé-Ifẹ̀, tí wọ́n ti dàgbà ju ọgọ́rùn-ún ọdún márùn-ún lọ, fi imú Yorùbá hàn bí ó ṣe rí, ẹnikẹ́ni kò sì lè sọ pé wọn kò lẹ́wà. Nígbà tí Leo Frobenius, ọmọ ilẹ̀ Jámánì, dé Ilé-Ifẹ̀ ní ọdún 1910, ẹwà irú orí bẹ́ẹ̀ ya á lẹ́nu débi pé kò gbà pé ènìyàn dúdú ló ṣe é; ó ní àwọn ará Atlantis inú ìtàn àwọn Gíríìkì ni wọ́n ní láti jẹ́. Nígbà tí wọ́n tún hú ọ̀pọ̀ orí idẹ jáde ní agbo ilé Wúnmoníjẹ̀ ní ọdún 1938, àròsọ náà kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ mọ́. Kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ kí ènìyàn fẹ́ tún imú rẹ̀ ṣe. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí ó mọ òṣùwọ̀n ẹni tí wọ́n fi ń wọn òun kí ó tó dùbúlẹ̀ fún ọ̀bẹ.

Ní ilẹ̀ Yorùbá, Ìbàdàn ni iṣẹ́ yìí ti kọ́kọ́ fìdí múlẹ̀. Wọ́n ṣí ilé ìwòsàn ńlá University College Hospital ní oṣù kọkànlá ọdún 1957. Ní ọdún 1966, Michael Tempest, oníṣẹ́ abẹ ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ti tọ́jú àwọn ọmọ Nàìjíríà tí nómà bà lójú jẹ́, kọ ọ̀kan nínú àwọn àpilẹ̀kọ tí wọ́n tún ń tọ́ka sí jù lórí àìsàn náà. Ọ̀jọ̀gbọ́n J. O. Oluwasanmi, ọ̀kan nínú àwọn aṣáájú iṣẹ́ abẹ àtúnṣe ara ní Nàìjíríà, tẹ̀ síwájú nínú iṣẹ́ náà ní Ìbàdàn. Ní ọdún 1974, ó kọ̀wé lórí àpá tó máa ń wú kọjá ààlà egbò, èyí tó wọ́pọ̀ lára ènìyàn dúdú ju òyìnbó lọ.

Ọ̀rọ̀ àpá yìí kan àtúnṣe imú gan-an. Ibi mẹ́ta ni eegun rírọ̀ ti sábà ń wá: ògiri àárín imú fúnra rẹ̀, etí, àti ìhà. Ti àárín imú sábà máa ń kéré lára ènìyàn dúdú, nítorí náà ni oníṣẹ́ abẹ fi ń yíjú sí etí tàbí ìhà. Àyà àti etí sì wà lára àwọn ibi tí àpá wíwú fẹ́ràn jù. Ẹni tí ìdílé rẹ̀ bá ní irú àpá bẹ́ẹ̀ gbọ́dọ̀ sọ ọ́ kí ọ̀bẹ tó kan ara rẹ̀, kí ó má baà fi wàhálà àyà ra ìrọ̀rùn imú.

Ní ọdún 1975, ìjọba fi ilé ìwòsàn Wesley Guild ti Iléṣà sábẹ́ àkójọ ilé ìwòsàn ìkọ́ni Yunifásítì Ifẹ̀, tí wọ́n ń fi orúkọ Obafemi Awolowo pè lónìí. Ní Òṣogbo, ilé ìwòsàn ìkọ́ni tó ti jẹ́ ti LAUTECH tẹ́lẹ̀ di ti Yunifásítì Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun lẹ́yìn tí ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ àti Ọ̀ṣun pín gaàrí. Kì í ṣe nómà ló sábà ń gbé imú tó wó wá sí irú ilé ìwòsàn bẹ́ẹ̀ nísinsìnyí. Ọ̀kadà tó ṣubú, mọ́tò tó forí sọgi, ìjà àti ìpáǹle wà lára ohun tó ń fà á. Owó àpò ara ẹni sì ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ní Nàìjíríà fi ń tọ́jú ara. Ẹni tí imú rẹ̀ ṣẹ́ tí ẹ̀jẹ̀ sì ti dá lè ní kò burú, kí ó padà sílé. Ṣùgbọ́n ẹ̀jẹ̀ lè dì sí ara ògiri àárín imú láìfara hàn lóde, kí ó sì pa eegun rírọ̀ ibẹ̀ láàárín ọjọ́ díẹ̀. Ohun tí dókítà ìbá fi abẹ́ kékeré fà jáde ní ọjọ́ kìíní a wá di ohun tó ń béèrè eegun ìhà ní ọdún tó ń bọ̀.

Ní ti nómà, ìrìn àjò ti jìn. Ní ọdún 1999 ni wọ́n dá ilé ìwòsàn nómà sílẹ̀ ní Ṣókótó, nítorí àríwá ìwọ̀ oòrùn Nàìjíríà ló ti wọ́pọ̀ jù báyìí. Láti ọdún 2014 ni ẹgbẹ́ Médecins Sans Frontières ti ń ṣe ìrànwọ́ níbẹ̀. Iṣẹ́ abẹ kan kì í tó fún ọ̀pọ̀ nínú àwọn aláìsàn ibẹ̀. Ní oṣù kejìlá ọdún 2023, lẹ́yìn tí Nàìjíríà ti ṣáájú àwọn orílẹ̀-èdè tó bẹ̀bẹ̀ fún un, Àjọ Ìlera Àgbáyé fi nómà kún àwọn àrùn ilẹ̀ olóoru tí ayé pa tì.

Ibí ni ìtàn ti padà sí ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà. Morley kò dúró de àwọn ọmọ ní wọ́ọ̀dù. Ó lọ sí Imẹ̀sí-Ilé, ó sì dá ilé ìtọ́jú àwọn ọmọ tí kò tíì pé ọdún 5 sílẹ̀ níbẹ̀, níbi tí àwọn nọ́ọ̀sì ti ń ṣe ọ̀pọ̀ iṣẹ́ tí àwọn ènìyàn rò pé dókítà nìkan ló lè ṣe. Wọ́n ń wọn ọmọ lóṣooṣù, wọ́n sì ń sàmì ìwọ̀n rẹ̀ sórí káàdì kan tó ní ìlà. Bí ìlà ọmọ bá ń gòkè, ara rẹ̀ le. Bí ó bá tẹ́ pẹrẹsẹ tàbí tó ń sọ̀ kalẹ̀, ewu ti ń bọ̀ kí ojú tó rí i. Káàdì náà kò sí ní ọ́fíìsì ilé ìwòsàn. Ọwọ́ ìyá ló wà, nínú àpò ọ̀rá, nílé. Láti ibẹ̀ ni irú káàdì bẹ́ẹ̀ ti tàn kárí ayé.

Morley kò sì gbàgbé èèyi. Ní nǹkan bí ọdún 1960, Samuel Katz gbé abẹ́rẹ́ àjẹsára èèyi tí òun àti John Enders ń ṣe ní Boston wá sí Imẹ̀sí-Ilé, wọ́n sì gbìyànjú rẹ̀ lára àwọn ọmọdé ibẹ̀. Ní ọdún 1962 ni àbájáde rẹ̀ jáde nínú ìwé àwọn oníṣègùn. Ọdún 1963 ni Amẹ́ríkà tó fọwọ́ sí abẹ́rẹ́ náà fún àwọn ọmọ tiwọn. Nítorí náà, nígbà tí ayé bá ń ka àwọn tó ṣẹ́gun èèyi, ó tọ́ kí wọ́n ka àwọn ìyá Imẹ̀sí-Ilé tó gbé ọmọ wọn kalẹ̀ mọ́ wọn.

Kò sí ẹnikẹ́ni tó lè ka iye imú tí abẹ́rẹ́ àti káàdì náà gbà là, nítorí imú tí kò jẹrà kì í wọ ìwé ilé ìwòsàn. Àwọn tí Gillies tún ṣe ní orúkọ àti àwòrán. Àwọn ọmọ tí èèyi kò mú ní Imẹ̀sí-Ilé dàgbà lásán, wọ́n lọ oko, wọ́n lọ ilé ẹ̀kọ́, wọ́n fẹ́ ìyàwó, wọ́n lọ́kọ. Ṣùgbọ́n ìṣẹ́gun náà kì í dúró fúnra rẹ̀. Níbikíbi tí abẹ́rẹ́ àjẹsára bá ti fà sẹ́yìn, èèyi a padà wá, àìjẹunrekánú sì ti ń dúró dè é ní ẹnu ọ̀nà.

Igi gogoro má gùn mí lójú, òkèèrè la ti ń wò ó. Ó tọ́ kí Iléṣà àti Òṣogbo ní àwọn oníṣẹ́ abẹ tó lè gba eegun ìhà fi gbé igi imú ró, kí ẹni tó ṣubú lórí ọ̀kadà má baà fi ẹnu mí títí ayé. Ó tún tọ́ kí wọ́n rántí pé láti ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà kan náà ni ayé ti kọ́ bí a ṣe ń ti káàdì kékeré kan bọ inú àpò ọ̀rá, tí ìyá ń gbé e lọ sílé, kí ọmọ rẹ̀ má baà wá imú rẹ̀ tì lọ́jọ́ iwájú.